Ta ló sọ bẹ́ẹ̀? Ìdáhùn fún akẹ́kọ̀ọ́ tíọ́lọ́jì kan lórí ọ̀rọ̀ postmodern

Ìbéèrè láti Òṣogbo: "Ẹ kú iṣẹ́ o. Ilé ẹ̀kọ́ Bíbélì ni mo wà. Wọ́n ní kí n kọ àròkọ olójú-ìwé 20 lórí ìmọ̀ ọgbọ́n-orí postmodern àti bó ṣe kan ẹ̀kọ́ nípa Ọlọ́run. Mo kọ ọ́ pé àwọn postmodern ní kò sí òtítọ́, pé wọ́n ní Ọlọ́run ti kú, mo sì fi ẹsẹ Bíbélì dá wọn lóhùn. Olùkọ́ mi dá a padà, ó kọ 'Ta ló sọ bẹ́ẹ̀?' sí i lórí. Ọ̀rẹ́ mi kan tó máa ń lọ sí odò Ọ̀ṣun ní èmi ni mi ò mọ̀ ọ́n, pé postmodern gan-an ló dá àwọn òrìṣà láre. Èwo ni kí n gbà? Báwo ni mo sì ṣe máa tún un kọ láàárín ọ̀sẹ̀ mẹ́ta?"

Ẹ má bínú sí olùkọ́ yín. Gbólóhùn kékeré tó kọ sórí ìwé yín yẹn ni ohun tí àwọn postmodern ń béèrè látòkèdélẹ̀: ta ló sọ ọ́, ibo ló dúró sí tó fi sọ ọ́, ta ló sì fún un láṣẹ láti sọ ọ́ fún gbogbo ayé? Tí ẹ bá di ìbéèrè yìí mú, ẹ ó rí i pé ẹ̀yin àti ọ̀rẹ́ yín lẹ jọ ṣì í, ọ̀nà tí oníkálukú gbà ṣì í ló yàtọ̀.

Ọ̀rọ̀ náà "ìgbàlódé" máa ń kó wa ṣìnà níbí. Lẹ́nu wa, ohun ìgbàlódé ni léèsì tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde àti fóònù tuntun. Lọ́dọ̀ àwọn onímọ̀ ọgbọ́n-orí, ìgbàlódé jẹ́ ìpinnu kan tí wọ́n ṣe ní Yúróòpù ní nǹkan bí irinwó ọdún sẹ́yìn. René Descartes, onímọ̀ ọgbọ́n-orí ará Faransé, gbé e kalẹ̀ kedere ní 1641: kí ènìyàn kan ṣoṣo jókòó, kó ṣiyèméjì sí gbogbo ohun tí bàbá àti ìjọ fi lé e lọ́wọ́, títí yóò fi kan ohun tí kò ṣeé ṣiyèméjì sí mọ́, kó wá kọ́ ilé ìmọ̀ lé ibẹ̀. Ọgbọ́n-orí nìkan, láìsí àṣẹ ẹnikẹ́ni. Postmodern kì í ṣe àrà tuntun tó tún dé lẹ́yìn ìyẹn. Àwọn tó padà lọ yẹ ìpìlẹ̀ ilé náà wò ni, tí wọ́n ní orí ìtàn ni wọ́n kọ́ ọ lé, kì í ṣe orí àpáta.

Ẹni tí ẹ gbọ́dọ̀ kà lára wọn ni Jean-François Lyotard, ará Faransé. Ìwé rẹ̀ ti 1979 kò tóbi. Ìjábọ̀ ló jẹ́ tẹ́lẹ̀, tó kọ fún ìjọba ìpínlẹ̀ Québec ní Kánádà lórí ipò tí ìmọ̀ wà láyé kọ̀ǹpútà. Níbẹ̀rẹ̀ ìwé náà ló ti ní, bí òun bá ní kí òun gé ọ̀rọ̀ kúrú, postmodern ni pé ọkàn ènìyàn kò fi bẹ́ẹ̀ balẹ̀ mọ́ sí ohun kan tí èmi yóò máa pè ní ìyá-ìtàn. Ìyá-ìtàn kì í ṣe ìtàn gígùn. Ìtàn tó jókòó sórí àga adájọ́ ni, tó ń sọ èyí tó jẹ́ ìmọ̀ àti èyí tó jẹ́ àròsọ nínú ìtàn àwọn ẹlòmíràn, tó sì ń díbọ́n bí ẹni pé òun kì í ṣe ìtàn. Sáyẹ́ǹsì wo babaláwo, ó ní, "Àlọ́ ni tìrẹ." Ó dáa. Bí a bá wá bi sáyẹ́ǹsì pé ta ló fi í jẹ adájọ́, kò lè fi òṣùwọ̀n dá wa lóhùn. Ìtàn ni yóò pa: pé ọmọ ènìyàn ń ti òkùnkùn bọ̀ sínú ìmọ́lẹ̀, pé ìmọ̀ ni yóò dá wa sílẹ̀ lóko ẹrú. Ibi tí Lyotard mú un nìyẹn. Kò sọ pé òṣùwọ̀n náà ń parọ́. Ó ní adájọ́ wà lára àwọn tó ń ṣẹjọ́.

Nítorí náà, "kò sí òtítọ́" kò sí nínú rẹ̀. Ìdáhùn tí ọ̀pọ̀ oníwàásù ń fún wọn, pé "bí kò bá sí òtítọ́, ṣé òtítọ́ ni èyí tí ẹ sọ yẹn?", dára fún ẹni tó bá ní oníkálukú ló ní òtítọ́ tirẹ̀, irú èyí tí à ń gbọ́ lórí rédíò. Kò ba Lyotard rárá.

Àṣìṣe méjì míì wà tí mo fẹ́ kí ẹ yọ kúrò kí ẹ tó mú gègé. Èkíní ni Nietzsche, onímọ̀ ọgbọ́n-orí ará Jámánì. Òótọ́ ni pé "Ọlọ́run ti kú" wà nínú ìwé rẹ̀ ti 1882, ṣùgbọ́n ẹnu wèrè kan tó gbé àtùpà wọ ọjà nígbà tí ilẹ̀ ti mọ́ ló fi í sí, àwọn tí wèrè náà sì ń bá wí kì í ṣe onígbàgbọ́. Àwọn tí kò gba Ọlọ́run gbọ́ tẹ́lẹ̀ ni, tí wọ́n ń fi í rẹ́rìn-ín. Ó ń sọ fún wọn pé wọn ò tíì mọ bí ohun tí wọ́n ṣe ti tó: wọ́n ti yọ òpó, wọ́n sì rò pé òrùlé yóò dá dúró. Ẹni tó bá fi gbólóhùn yẹn bú Nietzsche kò ka ìwé náà.

Èkejì ni Jacques Derrida, onímọ̀ ọgbọ́n-orí tí wọ́n bí ní Àlùjíríà ní 1930. Ní 1967 ló kọ gbólóhùn kan tí wọ́n ti lò nílòkulò jù: pé kò sí ohun tó wà lẹ́yìn odi ọ̀rọ̀. Àwọn ènìyàn sọ ọ́ di pé ayé kò sí, ìwé nìkan ló wà. Òun fúnra rẹ̀ padà ṣàlàyé pé ohun tí òun ń wí ni pé kò sí ohun tó bọ́ lọ́wọ́ àyíká rẹ̀. Ẹ gbọ́ gbólóhùn yìí: "Bàbá ti lọ." Oko ni tàbí ọ̀run? Ẹ ò lè mọ̀ àfi bí ẹ bá mọ ẹni tó ń sọ̀rọ̀, bí ojú rẹ̀ ṣe rí, àti ohun tó ṣẹlẹ̀ lánàá. Derrida ní gbogbo ọ̀rọ̀ ló rí bẹ́ẹ̀, títí kan ọ̀rọ̀ tí ẹ ó fi ṣàlàyé àyíká ọ̀hún.

(Ẹ dákun, ẹ má kọ èdè tí kò yé ẹ̀yin fúnra yín. Ní 1996, Alan Sokal, onímọ̀ físíìsì kan ní Amẹ́ríkà, mọ̀ọ́mọ̀ kọ ìsọkúsọ, ó fi èdè postmodern ṣe é lọ́ṣọ̀ọ́, ó fi ránṣẹ́ sí ìwé àtìgbàdégbà tí wọ́n ń pè ní Social Text, wọ́n sì tẹ̀ ẹ́ jáde. Ẹ̀sín náà kò tíì kúrò lára àwọn tó ń kọ irú nǹkan wọ̀nyí.)

Ó kù kí a bi ara wa: ṣé ìyìn rere náà jẹ́ ìyá-ìtàn? James K. A. Smith, onímọ̀ ọgbọ́n-orí tó jẹ́ Kristẹni, kọ ìwé kan ní 2006, ó ní rárá. Àlàyé rẹ̀ ni pé ìyá-ìtàn tí Lyotard ń bá jà ni èyí tó bá sọ pé ọgbọ́n-orí gbogbo aráyé ni òun fi múlẹ̀. Ìgbàgbọ́ ni ìjọ gbé ìtàn tirẹ̀ lé, kò sì fi pamọ́. Àlàyé náà dùn létí, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ sì máa ń sáré mú un. Ẹ ṣe pẹ̀lẹ́. Nínú ìwé tí Lyotard tẹ̀ jáde ní 1986 láti ṣàlàyé ara rẹ̀, ó ní bí a bá ka ẹ̀sìn Krístì mọ́ ìgbàlódé, ìtàn ìgbàlà ọkàn nípa ìfẹ́ ẹni tó kú ikú ajẹ́rìíkú náà wà lára àwọn ìyá-ìtàn ọ̀hún. Lójú tèmi, Smith jàre nípa ohun tí ìyìn rere jẹ́, Lyotard sì jàre nípa ohun tí àwọn kan ti fi í ṣe. Ìjọ tó wọ ìlú pẹ̀lú ìbọn ìjọba lẹ́yìn rẹ̀ kò kàn ń pa ìtàn. Ó ti gun àga adájọ́.

George Lindbeck, onímọ̀ tíọ́lọ́jì ará Amẹ́ríkà, ní àpẹẹrẹ kan tó bá èyí mu, nínú ìwé rẹ̀ ti 1984. Ó ní ẹ̀kọ́ ìjọ dàbí gírámà: òun ló ń tọ́ bí àwọn onígbàgbọ́ ṣe ń sọ̀rọ̀ àti bí wọ́n ṣe ń gbé ayé wọn. Jagunjagun kan ń pariwo pé "Krístì ni Olúwa" bó ti ń fi idà la orí ẹni tí kì í ṣe ẹlẹ́sìn rẹ̀. Lindbeck ní gbólóhùn náà di irọ́ lẹ́nu rẹ̀ níbẹ̀, torí ohun tó ń fi í ṣe tako ohun tí ó jẹ́ pé Krístì ni Olúwa. Ẹ rí i pé "ta ló sọ bẹ́ẹ̀, kí ló ń fi í ṣe?" tún padà wá.

Michel Foucault, onímọ̀ ọgbọ́n-orí ará Faransé, àti John Milbank, onímọ̀ tíọ́lọ́jì ará Gẹ̀ẹ́sì, ẹ lè dárúkọ wọn ní ìpínrọ̀ kan. Foucault wúlò bí ẹ bá fẹ́ yẹ ìjẹ́wọ́ ẹ̀ṣẹ̀ wò, bó ṣe ń sọ ẹni tó ń jẹ́wọ́ di irú ènìyàn kan. Ìwé Milbank ti 1990 nípọn, ọ̀sẹ̀ mẹ́ta kò tó o.

Jean-Luc Marion ni kí ẹ jókòó tì. Onímọ̀ ọgbọ́n-orí ni, Kátólíìkì, ará Faransé. Ṣáájú rẹ̀, ní 1957, Martin Heidegger, onímọ̀ ọgbọ́n-orí ará Jámánì, ti kọ̀wé pé ọlọ́run tí àwọn onímọ̀ ọgbọ́n-orí mọ, ìyẹn èyí tí ó jẹ́ okùnfà ara rẹ̀, kò ṣeé gbàdúrà sí, kò ṣeé rúbọ sí, èèyàn kò lè kúnlẹ̀ níwájú rẹ̀ tàbí kó jó níwájú rẹ̀. Ní 1982 Marion wá tẹ ìwé kan jáde nípa Ọlọ́run láìsí "wíwà". Kò sọ pé Ọlọ́run kò sí. Ó ní àwọn onímọ̀ tíọ́lọ́jì kọ́kọ́ gbé ọ̀rọ̀ "wíwà" kalẹ̀ bí àpótí, wọ́n wá fi Ọlọ́run sínú rẹ̀ bí èyí tó tóbi jù nínú àwọn ohun tó wà; òun sì fẹ́ kí a bẹ̀rẹ̀ láti 1 Jòhánù 4:8, pé ìfẹ́ ni Ọlọ́run.

Ẹ wá wo ohun tí èdè wa ń ṣe sí ọ̀rọ̀ yìí. Ọ̀rọ̀-ìṣe kan ṣoṣo ti Faransé ni Marion ń bá jìjàkadì. Yorùbá kò ní in. Ohun tí wọ́n ń fi ẹyọ ọ̀rọ̀ kan sọ, àwa ń fi mẹ́ta sọ ọ́, ó kéré tán: "wà" fún pé nǹkan ń bẹ, "jẹ́" fún irú ohun tó jẹ́, "ni" fún ẹni tí í ṣe gan-an. Ní Jòhánù 1:1, ọ̀rọ̀-ìṣe kan náà ni Gíríìkì lò lẹ́ẹ̀mẹta. Bíbélì Yorùbá lo "wà" lẹ́ẹ̀mejì (Ọ̀rọ̀ wà, Ọ̀rọ̀ sì wà pẹ̀lú Ọlọ́run), ó wá yí padà sí "ni", èyí tí ìtẹ̀jáde àtijọ́ kọ ní "li": Ọlọ́run sì ni Ọ̀rọ̀ náà. Ìpinnu tíọ́lọ́jì ni atúmọ̀ ṣe níbi tí Gíríìkì kò ti fipá mú ẹnikẹ́ni pinnu. Ẹ tún ṣí Ẹ́kísódù 3:14. Hébérù ibẹ̀ ṣeé túmọ̀ sí "Èmi yóò jẹ́ ẹni tí èmi yóò jẹ́". Bíbélì Yorùbá àtijọ́ mú "ẹni tí ó wà", ó sì tipa bẹ́ẹ̀ bá ìtumọ̀ Gíríìkì àtijọ́ rìn dípò Hébérù. Àpótí Marion rèé nínú Bíbélì yín, ẹ sì lè fi ọwọ́ tọ́ ibi tí wọ́n ti kàn án.

Bí "wà" bá tẹ́ yín lọ́rùn, ẹ fi ṣe ọkàn àròkọ yín. Bí kò bá tẹ́ yín lọ́rùn, Èṣù wà níbẹ̀, òun ni mo fẹ́ràn jù fún ẹni tó ń kọ̀wé láti Òṣogbo. Èmi yóò fi bí wọ́n ṣe ń ka ìwé lọ́nà Derrida hàn yín lórí rẹ̀.

Òṣogbo ìlú aró ni, ẹ sì mọ̀ pé lára àdìrẹ ẹlẹ́kọ, ibi tí ẹ̀kọ bò tí aró kò dé ló ń mú àrà jáde. Ohun tí Derrida ń wá nínú ìwé nìyẹn: ibi tí ìwé náà bò mọ́lẹ̀ kí àrà rẹ̀ tó lè hàn.

Ẹ kọ́kọ́ wá ọ̀rọ̀ méjì tí ìwé náà gbé kọjú síra, kí ẹ sì sọ èyí tó wà lókè. Ní Mátíù 4:1, Ọlọ́run àti Èṣù ni. Ọlọ́run lókè, Èṣù nísàlẹ̀. Lẹ́yìn náà, ẹ wo ẹni ìsàlẹ̀ láti ibòmíì, bí ẹni pé òun náà ní ẹnu. Nínú Ifá, Èṣù kì í ṣe ọ̀tá Olódùmarè. Òun ló ń gbé ẹbọ dé ibi tó ń lọ, àṣẹ wà lọ́wọ́ rẹ̀, òun ló sì ń fìyà jẹ ẹni tó kọ̀ tí kò rúbọ. Àwọn tó ń pariwo lórí íntánẹ́ẹ̀tì pé "Èṣù kì í ṣe Sátánì" dé ibí yìí, wọ́n sì dúró. Òótọ́ ni wọ́n sọ, ṣùgbọ́n bí ẹ bá dúró níbẹ̀, ẹ kàn dojú àga dé ni. Ẹni ìsàlẹ̀ bọ́ sókè, ìjà kò parí.

Ìgbésẹ̀ tó kàn ni ọ̀pọ̀ akẹ́kọ̀ọ́ kì í ṣe: ẹ padà sínú ìwé náà fúnra rẹ̀, kí ẹ wá ibi tí ìyàtọ̀ tó gbé kalẹ̀ ti ń jò. Ẹ ka ẹsẹ náà dáadáa. Ta ló darí Jésù lọ sí aginjù kí wọ́n lè dán an wò? Ẹ̀mí ni. Ìdánwò náà wà nínú iṣẹ́ Ọlọ́run láti ìbẹ̀rẹ̀. Ẹ wá ṣí Jóòbù 1:6, níbi tí olùfisùn ti bá àwọn ọmọ Ọlọ́run wá síwájú Olúwa, tí kò lè fọwọ́ kan Jóòbù láìgba àyè. Òṣìṣẹ́ ààfin ni níbẹ̀, ó jọ Èṣù ti Ifá ju ti Mátíù lọ fíìfíì. Kí wá ni Bíbélì Yorùbá pè é? "Sátánì" ni. Ibi tó ti jọ Èṣù, wọn ò pè é ní Èṣù. Ibi tí kò ti jọ ọ́, Èṣù ni wọ́n kọ.

Ìdí rẹ̀ kò le. Níbi tí Gíríìkì bá ti lo ọ̀rọ̀ tí òyìnbó túmọ̀ sí "devil", Èṣù ni wọ́n fi dípò. Níbi tí òyìnbó bá ti gbé "Satan" wọlé láti inú Hébérù tàbí Gíríìkì bí orúkọ, àwọn náà gbé e wọlé bẹ́ẹ̀. Ẹ ó rí méjèèjì nínú Mátíù 4 kan náà, torí ní ẹsẹ 10 Sátánì ni. Ibi tí iṣẹ́ sì ti máa ń bàjẹ́ mọ́ akẹ́kọ̀ọ́ lọ́wọ́ nìyí: wọ́n á sáré kọ ọ́ pé Àjàyí Crowther àti àwọn tó bá a ṣiṣẹ́ títí odindi Bíbélì fi jáde ní 1884 kò mọ Yorùbá, tàbí pé Bíbélì náà kò wúlò. Àyẹ̀wò yìí kò fi èyí hàn. Ojú rírán ló fi hàn, kì í ṣe yíya. Aṣọ tó ní ojú rírán ṣeé wọ̀. Ẹ kàn mọ̀ báyìí pé ẹnìkan ló rán an, kò bọ́ láti ọ̀run.

Kí ọ̀rẹ́ yín má tíì yọ̀ o. Postmodern yọ adájọ́ tó ní "abọ̀rìṣà kò mọ nǹkan kan" kúrò lórí àga, ṣùgbọ́n kò gbé ẹlòmíràn gorí rẹ̀. Ẹni tó bá ní "àṣà ìbílẹ̀ wa gan-an nìyí", òun náà yóò dáhùn: ta ló sọ bẹ́ẹ̀? Ẹ wo igbó Ọ̀ṣun. Ó wà nínú ìwé ogún àgbáyé ti UNESCO láti 2005. Ọ̀pọ̀ nínú àwọn ère àti ojúbọ tí àwọn àlejò ń yà ní fọ́tò níbẹ̀, sìmẹ́ǹtì ni, Susanne Wenger tí a mọ̀ sí Àdùnní Olórìṣà, ọmọ Austria tó dé Nàìjíríà ní 1950, ló ṣe é pẹ̀lú àwọn oníṣọ̀nà Òṣogbo bí Adébísí Àkànjí. Ṣé ti ìbílẹ̀ ni àbí ti àlejò? Àwọn tó ń bọ Ọ̀ṣun níbẹ̀ kò dúró de ìdáhùn. Ìbéèrè "èwo ni ojúlówó?" gan-an ni ọmọ ìgbàlódé.

Ohun kan náà ló ṣẹlẹ̀ sí Bọ́lájí Ìdòwú, onímọ̀ ẹ̀sìn. Ní 1962 ó kọ ìwé ńlá lórí Olódùmarè láti fi hàn pé Ọlọ́run kan ṣoṣo ni Yorùbá mọ̀, pé òjíṣẹ́ rẹ̀ ni àwọn òrìṣà. Ní 1970 Okot p'Bitek láti Uganda kọlu irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀: ó ní ẹ̀wù Gíríìkì ni àwọn onímọ̀ ìsìn ilẹ̀ wa ń wọ̀ fún àwọn ọlọ́run Áfíríkà, alágbára-gbogbo, olùmọ̀-ohun-gbogbo, kí òyìnbó lè bọ̀wọ̀ fún wọn. Mo rò pé p'Bitek le koko jù, ṣùgbọ́n ẹ̀wù tó ń wí wà níbẹ̀ lóòótọ́.

Ẹ lè máa bi ara yín bóyá ìgbàgbọ́ yín lè rù ú là. Ẹ wo ọ̀rọ̀ "ìgbàgbọ́" fúnra rẹ̀. Onímọ̀ ọgbọ́n-orí méjì, Barry Hallen àti J. O. Sodipo, jókòó ti àwọn oníṣègùn Yorùbá, wọ́n sì tẹ ìwé jáde ní 1986 lórí "mọ̀" àti "gbàgbọ́". Ohun tí wọ́n rí ni pé ẹni tó fi ojú ara rẹ̀ rí nǹkan ni Yorùbá ń sọ pé ó mọ̀ ọ́n. Ohun tí a gbọ́ lẹ́nu ẹlòmíràn, bó ti wù kó dájú tó, ìgbàgbọ́ ni. Pẹ̀lú òṣùwọ̀n yìí, ọ̀pọ̀ ohun tí wọ́n kọ́ wa nílé ìwé, tí òyìnbó ń pè ní ìmọ̀, ìgbàgbọ́ ni. Kò sì túmọ̀ sí pé irọ́ ni, tàbí pé oníkálukú ló ní tirẹ̀. Ó túmọ̀ sí pé a gbọ́dọ̀ mọ ẹni tó sọ ọ́ fún wa, kí a sì yẹ̀ ẹ́ wò bóyá ó ṣeé fọkàn tán. Ẹni tó ń pe ara rẹ̀ ní onígbàgbọ́ ti gbà láti ìbẹ̀rẹ̀ pé ẹnu ẹlẹ́rìí ni òun ti gbọ́ ọ. Descartes ni ọ̀rọ̀ yìí kó sí wàhálà.

Iṣẹ́ ọ̀sẹ̀ mẹ́ta náà wá kù. Ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́, kíkà nìkan: ọ̀rọ̀ ìṣáájú Lyotard, orí kan péré nínú Marion bí ẹ bá mú "wà", àti Bíbélì Yorùbá àtijọ́ pẹ̀lú ìtumọ̀ méjì míì lórí ẹsẹ tí ẹ yàn. Ẹ má ka ìwé tó ń ṣàlàyé Derrida kí ẹ tó dán ìgbésẹ̀ òkè yẹn wò pẹ̀lú ọwọ́ ara yín. Ọ̀sẹ̀ kejì, ẹ kọ ọ́. Ọ̀sẹ̀ kẹta, ẹ yọ gbogbo gbólóhùn tí ẹ kò lè ṣàlàyé fún ìyá yín kúrò.

Nínú ojú ìwé 20, ẹ fún Lyotard àti ìgbàlódé ní 3, ẹ fún ọ̀rọ̀ bóyá ìyìn rere jẹ́ ìyá-ìtàn ní 3, ẹsẹ Bíbélì kan ṣoṣo tí ẹ yàn ló ni 8. Bí ẹ bá lo ẹsẹ márùn-ún, olùkọ́ yín yóò mọ̀ pé ẹ kò ka ọ̀kan dáadáa. Ẹ fi 4 sílẹ̀ fún àtakò tó lágbára jù, ẹ má sì yan èyí tó rọrùn. Èyí tí èmi ìbá yàn ni Crowther fúnra rẹ̀: ọmọdé ni nígbà tí wọ́n mú un lẹ́rú ní 1821. Bí kò bá sí adájọ́ kankan tó ga ju gbogbo ìtàn lọ, kí ló fún wa láṣẹ láti sọ pé òwò ẹrú burú níbi gbogbo, kì í ṣe lójú tiwa nìkan? Lyotard kò ní ìdáhùn tó tẹ́ mi lọ́rùn. Anthony Appiah, onímọ̀ ọgbọ́n-orí kan tó dàgbà ní Gánà, sún mọ́ ọn ní 1991: ó ní àwọn òǹkọ̀wé Áfíríkà tí kò gba ìtàn òyìnbó mọ́ kò ṣe bẹ́ẹ̀ torí pé òtítọ́ sú wọn, ìyà tó ń jẹ ènìyàn ni wọ́n rí tí wọ́n fi kọ̀ ọ́, ìwà ọmọlúàbí tó kan gbogbo ayé ni wọ́n sì dúró lé. Ẹ bá a jiyàn, tàbí kí ẹ tì í lẹ́yìn.

Ojú ìwé méjì tó kù, ẹ fi dá ìbéèrè olùkọ́ yín lóhùn nípa ara yín: ibi tí ẹ dúró sí tí ẹ fi ń sọ̀rọ̀, ìjọ wo, ìlú wo, Bíbélì wo, èdè wo. Ẹ gbé e síwájú àròkọ náà, kó jẹ́ òun ni yóò kọ́kọ́ kà.